Sáfà Ń Ṣiṣẹ́, Láísẹ́ǹsì Wá Dà?

Ẹ̀gbọ́n mi kan pè mí lọ́sàn-án ọjọ́ kan láti ọ́fíìsì tí wọ́n ti ń ya pílánì ilé ní Bẹẹrẹ. Oníbàárà ń bọ̀ wá gba iṣẹ́ ní aago mẹ́rin, AutoCAD kọ̀, kò ṣí. "Àbúrò, ó ní láísẹ́ǹsì ti tán. Mẹ́rin la rà, àwa mẹ́rin náà la sì wà níbí!" Ọjà'ba ni mo wà, mo bá fẹsẹ̀ rìn lọ.

Ẹ jẹ́ ká fi ìyá tó ń yáni ní kánọ́pì ṣe àpẹẹrẹ. Tó bá ní mẹ́rin, tí mẹ́rẹ̀ẹ̀rin sì ti jáde, ẹni karùn-ún á dúró ni, kódà tí ọ̀kan bá wà ní kíká lẹ́yìnkùlé ẹni tó yá a. Ìwé ìyá yẹn ló ń sọ̀rọ̀. Bẹ́ẹ̀ ni láísẹ́ǹsì orí nẹ́tíwọ́ọ̀kì rí: kọ̀ǹpútà kan, ìyẹn sáfà, ló ń ka iye tó jáde àti iye tó padà. FlexNet ni Autodesk ń lò fún un. lmgrd dà bí ẹni tó jókòó sẹ́nu ọ̀nà. Adskflex ló di ìwé mú.

Láti yẹ̀ ẹ́ wò, ẹ ṣí LMTOOLS lórí sáfà, ẹ lọ sí Server Status, kí ẹ tẹ Perform Status Enquiry. Ẹni tó bá fẹ́ràn kọ́máàǹdì lè tẹ èyí:

lmutil lmstat -a -c 27000@orúkọ-sáfà

Ibi tí ọ̀pọ̀ ti ń ṣìnà nìyí: wọ́n á rí UP, wọ́n á ní kò sí wàhálà. UP kàn túmọ̀ sí pé ṣọ́ọ̀bù ṣí ni. Ẹ kọ́kọ́ rí i pé lmgrd àti adskflex jọ wà ní UP, torí tí adskflex bá DOWN, kò sẹ́ni tó máa rí nǹkan gbà. Lẹ́yìn náà ẹ wálẹ̀ síbi tó ti kọ "Users of". Tiwa ní 4 ni wọ́n fún wa, 4 ló wà lọ́wọ́ èèyàn. Orúkọ ẹni, orúkọ kọ̀ǹpútà àti àsìkò tó bẹ̀rẹ̀ wà nísàlẹ̀ rẹ̀.

Orúkọ ọ̀rẹ́ wọn kan jáde lẹ́ẹ̀mejì! Iná ti lọ lójijì láàárọ̀, UPS rẹ̀ ti kú tipẹ́, ló bá gbé láptọ́ọ̀pù, ó tún ṣí AutoCAD. Téèyàn bá ti AutoCAD bó ṣe yẹ, á sọ fún sáfà pé òun ti dá láísẹ́ǹsì padà. Kọ̀ǹpútà tó kú lójijì kò rí ọ̀rọ̀ kankan sọ. Sáfà tó wà lórí inverter ṣì ń retí rẹ̀.

Nítorí irú èyí ni lmremove ṣe wà. Ṣùgbọ́n ẹ dìde lọ wo kọ̀ǹpútà náà fúnra yín kó tó dà bíi pé ẹ já iṣẹ́ gbà lọ́wọ́ ẹlòmíràn. Ní ti àwọn tó máa ń fi AutoCAD sílẹ̀ ní ṣíṣí lọ jẹ àmàlà (ẹ mọ ara yín), TIMEOUTALL nínú fáìlì options lè gba tọwọ́ wọn. 900 ìṣẹ́jú àáyá, ìyẹn ìṣẹ́jú 15, ló kéré jù tó gbà.

Ẹ̀gbọ́n mi ti ń tẹ pílánì jáde kí n tó padà sí Ọjà'ba.