Ọ̀pọ̀lọ́ tí a tún rí, àti èyí tí a kì yóò rí mọ́

Àwa tí a ń gbé Ṣàngó mọ̀ dájú pé orúkọ a máa kù lẹ́yìn ohun tí ó ń jẹ́ ẹ. Wọ́n ti wó ibodè tí a ti ń sanwó lójú ọ̀nà Abẹ́òkúta, síbẹ̀ "Toll Gate" ni àwọn kọ̀ǹdọ́kítọ̀ ṣì ń ké. Bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ ni ó lè rí fún ẹ̀dá alààyè, tí orúkọ rẹ̀ nìkan yóò kù nínú ìwé.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ wo ti ilẹ̀ wa. Lórí òkè àpáta Ìdànrè, ní ìpínlẹ̀ Òǹdó, ọ̀pọ̀lọ́ kan wà tí a kò tíì rí irú rẹ̀ níbòmíràn. Ní 1963 ni Arne Schiøtz, ọmọ ilẹ̀ Dẹ́nmáàkì, kọ̀wé nípa rẹ̀, tí ó sì fi orúkọ Jean-Luc Perret pè é. Légbélègbé rẹ̀ kì í gbé inú ibú. Ibi tí omi tín-ínrín ti ń ṣàn lórí àpáta ni ó ti ń dàgbà. Lẹ́yìn 1970, a kò gbúròó rẹ̀ mọ́, títí ẹ̀rù fi ń ba àwọn onímọ̀ pé ó ti run. Ṣùgbọ́n ní 2013 a tún rí i láàyè lórí òkè náà, Abiodun Onadeko àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ sì kọ ìròyìn ayọ̀ náà jáde ní 2014.

Kì í ṣe gbogbo ohun tí ó sọnù ni a ń rí bẹ́ẹ̀. Nínú igbó kìjikìji Queensland, ní ilẹ̀ Ọsirélíà, àkèré kan wà nígbà kan rí nínú àwọn odò kéékèèké. Abo rẹ̀ a máa gbé ẹyin rẹ̀ mì. Inú ikùn ni àwọn ọmọ ti ń dàgbà, ẹnu ìyá ni wọ́n sì ń gbà jáde. Ní gbogbo àkókò yìí ìyá kì í jẹun, omi kíkan tí ń mú oúnjẹ dà kì í sì í sun nínú rẹ̀. Ẹ rò ó wò, ẹ̀yin tí ọgbẹ́ inú ń yọ lẹ́nu: àwọn onímọ̀ ti bẹ̀rẹ̀ sí wádìí bí ó ti ń dá omi kíkan náà dúró. Ní 1973 ni a fún un lórúkọ nínú ìwé; ní 1981 ni a rí i kẹ́yìn nínú igbó; ní 1983 ni èyí tí ó kù lọ́wọ́ àwọn onímọ̀ kú. Olùkọ́ lọ kí ẹ̀kọ́ tó parí.

Ǹjẹ́ kí ni èyí kàn wá? Awọ ara ni ọ̀pọ̀lọ́ fi ń mu omi, òun náà ni ó sì fi ń mí. Nítorí náà, ìdọ̀tí inú omi a máa tètè pa á lára. Bẹ́ẹ̀ ni omi tí ń wọlẹ̀ ní àdúgbò ni àwa náà ń fà nínú kànga wa. Ẹ má ṣe da epo ẹ́ńjìnì tí ẹ ti lò sínú gọ́tà. Ẹ kìlọ̀ fún àwọn ọmọ kí wọ́n má ṣe da iyọ̀ sí ọ̀pọ̀lọ́ lára. Bí òjò bá sì rọ̀, tí ẹ gbọ́ igbe kọ̀ǹkọ̀ láti àbàtà, ẹ má ṣe kà á sí ariwo lásán: ẹ̀rí ni pé ẹ̀mí ṣì ń bẹ nínú omi wa.