Àdàlú ní Àkókò Ọyẹ́

Bí ọyẹ́ bá ti ń fẹ́ ní Ilé-Ifẹ̀, àgbàdo tútù a máa wọ́n ní ọjà. Ẹni tí ó bá fẹ́ jẹ àdàlú ní irú àkókò bẹ́ẹ̀, àgbàdo gbígbẹ ni yóò fi sè é. Orúkọ oúnjẹ yìí fi ìtumọ̀ rẹ̀ hàn: ohun méjì ni a dà lu ara wọn, èyíinì ni àgbàdo àti ẹ̀wà. Ṣùgbọ́n kí wọn tó pàdé nínú ìkòkò, ọ̀nà wọn jìn sí ara wọn.

Ẹ̀wà jẹ́ ohun ọ̀gbìn ilẹ̀ Áfíríkà. Ní ilẹ̀ Gáná, àwọn awalẹ̀pìtàn ti rí ẹ̀wà tí iná jó di èédú, tí ó ti wà nínú ilẹ̀ fún ohun tí ó ju 3,000 ọdún lọ. Àgbàdo ní tirẹ̀, àlejò ni. Àwọn ará Mẹ́síkò ni ó kọ́kọ́ gbìn ín ní nǹkan bí 9,000 ọdún sẹ́yìn. Lẹ́yìn tí Columbus dé ilẹ̀ Amẹ́ríkà ní ọdún 1492, àwọn ọlọ́kọ̀ ojú omi gbé e la òkun kọjá, ó sì dé ọ̀dọ̀ wa. Àlejò náà di onílé: ní Ilé-Ifẹ̀, a ti hú àpáàdì jáde nínú ilẹ̀, tí amọ̀kòkò yí ṣùkù àgbàdo lé lórí láti fi ṣe ọnà sí i lára.

Èrè wo ni ó wà nínú àdàlú yìí? Ní ọdún 1933, obìnrin oníṣègùn kan, Cicely Williams, tí ó ń ṣiṣẹ́ ní Gold Coast, tí ó di Gáná ní ọdún 1957, kọ̀wé nípa àìsàn kan tí ń mú kí ara ọmọdé wú, kí irun rẹ̀ sì pọ́n. Ó ṣàkíyèsí pé àwọn ọmọ tí a já lẹ́nu ọmú, tí a sì ń fi oúnjẹ àgbàdo nìkan bọ́, ni àìsàn náà ń mú. Kwashiorkor ni orúkọ rẹ̀ ní èdè àwọn Gà. Àgbàdo nìkan kò ní èròjà tí ń mú ara dàgbà ní pípé. Èyí tí ó kù díẹ̀ káàtó nínú rẹ̀ ni ó pọ̀ nínú ẹ̀wà. Èyí tí ẹ̀wà kò ní tó, àgbàdo ní in. Ìdí nìyí tí ẹ̀kọ àti àkàrà, tàbí ògì àti mọ́ín-mọ́ín, fi bá ara wọn mu.

Ẹ jẹ́ kí a wo bí a ti ń sè é. Fún ènìyàn 5, ẹ wọn agolo 2 àgbàdo gbígbẹ àti agolo 2 ẹ̀wà. Ẹ ṣa àgbàdo, kí ẹ sì rẹ ẹ́ sínú omi di òwúrọ̀. Àgbàdo ni ẹ óò kọ́kọ́ gbé ka iná, nítorí ó le ju ẹ̀wà lọ. Bí a bá dà wọ́n sórí iná lẹ́ẹ̀kan náà, ẹ̀wà yóò ti rọ̀ jù kí àgbàdo tó jinná. Nígbà tí àgbàdo bá bẹ̀rẹ̀ sí í rọ̀, ẹ da ẹ̀wà tí ẹ ti fọ̀ mọ́ ọn. Bí àwọn méjèèjì bá rọ̀ tán, ẹ fi ata lílọ̀, àlùbọ́sà, edé, epo pupa àti iyọ̀ sí i. Ẹ dín iná kù, kí omi rẹ̀ lè fà.

Àwọn kan a máa fi ojú oúnjẹ tálákà wo àdàlú. Kí ẹ̀yin má ṣe bẹ́ẹ̀. Àgbájọ ọwọ́ ni a fi ń sọ̀yà: onílé àti àlejò ni ó para pọ̀ nínú abọ́ yìí, tí wọ́n sì di ohun tí ọ̀kan ṣoṣo nínú wọn kò lè dá jẹ́.

Ìbéèrè
1. Kí ni ó fi hàn pé àgbàdo ti di onílé ní Ilé-Ifẹ̀?
2. Èéṣe tí a kì í fi ògì nìkan bọ́ ọmọ?
3. Èéṣe tí àgbàdo fi ń ṣáájú ẹ̀wà dé inú ìkòkò?