Iṣẹ́ Ẹni Tó Ń Dúró Ti Olùdarí

Bí a bá rán ni níṣẹ́ ẹrú, à á fi tọmọ jẹ́ ẹ. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń ṣe igbákejì olùdarí fíìmù ní Ilé-Ifẹ̀, ẹ̀yin ni mo ń bá sọ̀rọ̀. Bí wọ́n bá ń ya eré ní Ẹnuwá, ẹ̀yin lẹ ó kọ́kọ́ débẹ̀, ẹ̀yin náà lẹ ó kúrò kẹ́yìn. Oòrùn ń lọ, ọlọ́kadà ń fọn fèrè, ẹni tó ń ṣe ọba kò tíì rí ìlẹ̀kẹ̀ rẹ̀ so, orúkọ yín sì ni ọ̀gá ń pè. Ẹ má fojú tín-ín-rín iṣẹ́ yìí o. Ìran tó ṣí ìtàn àti èyí tó parí rẹ̀, bó bá jẹ́ ojú kan náà ni wọ́n ti ṣẹlẹ̀, ọjọ́ kan náà la sábà máa ń yà wọ́n. Igbákejì tó bá to àwọn ìran bẹ́ẹ̀ tí ìtàn kò sì fọ́ ti mọ egungun ìtàn.

Síbẹ̀, mo ti rí àwọn tó pẹ́ nídìí pípàṣẹ pé kí èrò dákẹ́, tí wọn kò sì ní ìtàn kankan láti sọ. Èyí ló ń dùn mí.

Ẹ wo Túndé Kèlání. Ó gbé kámẹ́rà ní iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n, ó kẹ́kọ̀ọ́ fíìmù ní Lọ́ńdọ̀nù, ó ya fíìmù fún àwọn ẹlòmíràn. Nígbà tí olùdarí Bruce Beresford wá ya Mister Johnson nílẹ̀ wa, fíìmù tó jáde ní 1990, Kèlání ṣe igbákejì olùdarí níbẹ̀. Ó di 1993 kí Ti Olúwa Ni Ilẹ̀ tirẹ̀ tó jáde. Lẹ́yìn náà ni òun àti Akínwùmí Ìṣọ̀lá, tó ṣe olùkọ́ ní yunifásítì Ifẹ̀ níbí, jọ da iṣẹ́ pọ̀: eré onítàn Ìṣọ̀lá, Kòṣeégbé, di fíìmù ní 1995, ìwé ìtàn rẹ̀, Ó Le Kú, ní 1997, ó tún kọ Ṣaworoidẹ, tó jáde ní 1999.

Ọwọ́ ara ẹni la fi ń tún ìwà ara ẹni ṣe. Ẹ wá òǹkọ̀wé tiyín nísinsìnyí, Ifẹ̀ kò ṣaláìní wọn. Ìtàn tí kò ju ìṣẹ́jú mẹ́wàá lọ, yàrá kan, òṣèré méjì: fóònù ọwọ́ yín tó o. Ẹ fi han ọ̀gá yín, kí ẹ sì gbọ́ àlèébù tó bá rí láìjiyàn. Bí ẹ bá ti ṣe bíi mẹ́ta, ẹ bẹ̀ ẹ́ kó fún yín ní ìran kékeré kan darí nínú fíìmù tirẹ̀. Lọ́jọ́ tó bá gbà, ẹ fi títo èrò sílẹ̀ fún ẹlòmíràn. Ojú òṣèré ni kí ẹ tẹjú mọ́.