Bí Abẹ́rẹ́ Ti Kéré Tó

Àwọn àgbà ní bí abẹ́rẹ́ ti kéré tó, kì í ṣe mímì fún adìẹ. Òwe yìí ni mo fẹ́ fi ki ẹni tí iṣẹ́ rẹ̀ kò gbé síwájú láyà: igbákejì ọ̀gá, amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́, òṣèré tí wọn kì í ya àwòrán rẹ̀ gàdàgbà sára pátákó ìpolówó fíìmù. Ẹ jẹ́ ká wo ọkùnrin ilẹ̀ Faransé kan tó fi irú ipò bẹ́ẹ̀ jẹun fún àádọ́ta ọdún, tó sì fi gba iyì.

Bernard Blier ni orúkọ rẹ̀. Ìlú Buenos Aires ní ilẹ̀ Ajẹntínà ni wọ́n bí i sí lọ́dún 1916, níbi tí iṣẹ́ gbé baba rẹ̀ dé. Kò ga, ó sanra, irun orí rẹ̀ sì tètè re. Ní Paris, ọ̀dọ̀ Louis Jouvet, àgbà ọ̀jẹ̀ eré orí ìtàgé, ló ti kọ́ṣẹ́. Lọ́dún 1938, ọ̀gá àti ọmọṣẹ́ jọ wà nínú fíìmù Hôtel du Nord, ṣùgbọ́n ipa kékeré ni ti Blier. Nígbà tó di ọdún 1947, lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kejì, olùdarí fíìmù Henri-Georges Clouzot fi àwọn méjèèjì kojú ara wọn nínú Quai des Orfèvres: Blier ni ọkọ òjòwú tí wọ́n fura sí pé ó pànìyàn, Jouvet sì ni ọlọ́pàá tó ń wádìí ọ̀rọ̀ lẹ́nu rẹ̀. Bí ọmọdé bá mọ ọwọ́ wẹ̀, a bá àgbà jẹun. Ẹ wá ẹni tó mọ iṣẹ́ yín dunjú, kí ẹ sì fara balẹ̀ kọ́ ọ lọ́wọ́ rẹ̀.

Bí wọ́n bá rán ni níṣẹ́ ẹrú, a fi tọmọ jẹ́ ẹ. Ibí yìí gan-an ni Blier ti yàtọ̀. Nínú Les Tontons flingueurs, tí Georges Lautner darí lọ́dún 1963, Lino Ventura ni olú ẹ̀dá-ìtàn. Blier ni Raoul Volfoni, ọ̀daràn kan tó ń fọ́nnu, tí Ventura sì ń gbá lẹ́ṣẹ̀ẹ́ léraléra. Ipa ẹni ẹ̀tẹ́ ni. Òṣèré mìíràn ìbá fi ṣe yẹ̀yẹ́ lásán, tàbí kó máa wá bí òun yóò ṣe gbayì níbẹ̀. Blier kò ṣe bẹ́ẹ̀. Ó mú ojú le, ó sọ gbogbo gbólóhùn tí Michel Audiard kọ fún un bí ẹni pé ẹ̀mí rẹ̀ wà níbẹ̀, ìdí sì nìyẹn tí ẹ̀rín fi ń pa òǹwòran. Nínú fíìmù yìí kan náà, àwọn ọkùnrin kan jókòó yí tábìlì ká nínú ilé ìdáná, wọ́n ń mu ọtí líle. Robert Dalban, tó ṣe agbọ́tí ilé náà, wà láàárín wọn. Títí dòní, àwọn ará Faransé ṣì mọ ọ̀rọ̀ ibẹ̀ lórí, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe olú òṣèré nìkan ló ni adùn rẹ̀.

Ẹ kíyè sí nǹkan kan. Blier ti wà lẹ́nu iṣẹ́ fíìmù fún ohun tó lé lọ́dún 15 kí Ventura, tó jẹ́ oníjàkadì tẹ́lẹ̀, tó ṣe fíìmù àkọ́kọ́ lọ́dún 1954. Blier náà ti ṣe olú ẹ̀dá-ìtàn rí: òun ni olùkọ́ inú L'École buissonnière lọ́dún 1949. Síbẹ̀, nígbà tí àbúrò lẹ́nu iṣẹ́ bọ́ síwájú, ó ṣe tirẹ̀ lẹ́yìn láìfi ti ẹnikẹ́ni ṣe. Ojú ọ̀run tó ẹyẹ fò láìfara kanra. Lọ́dún 1979, Bertrand, ọmọ bíbí inú rẹ̀, ló darí rẹ̀ nínú Buffet froid. Baba gba ìtọ́sọ́nà lẹ́nu ọmọ.

Kí ẹnikẹ́ni má ṣì mí gbọ́ o. Ẹni tó gba ipò kejì kò gba ìrẹ́jẹ. Ẹ béèrè owó iṣẹ́ yín, ẹ jẹ́ kó wà lákọsílẹ̀, bí ipò ńlá bá sì yọjú, ẹ má sá fún un. Ohun tí mo ń kìlọ̀ fún ni kí èèyàn máa fi ìbínú ipò tí kò rí ba èyí tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ jẹ́.

Ní oṣù kẹta ọdún 1989, wọ́n fi César, àmì ẹ̀yẹ fíìmù ilẹ̀ Faransé, dá Blier lọ́lá fún iṣẹ́ ayé rẹ̀. Oṣù náà kò tíì parí tó fi jáde láyé. Fíìmù rẹ̀ ju 150 lọ. Bí onírèsé bá kọ̀ tí kò fíngbá mọ́, èyí tó ti fín sílẹ̀ kò lè parun. Nítorí náà, ẹ̀yin tí ẹ wà lẹ́yìn ẹlòmíràn lónìí, ẹ ṣe é dáadáa. Iṣẹ́ tí a bá fi gbogbo ọkàn ṣe kì í ṣe iṣẹ́ kékeré.