Kọ Orúkọ Ìlú Wa Kó Pé, Ọkọ Mi

Jókòó síbí, ọkọ mi. Má wojú ẹnikẹ́ni, ìwọ ni mò ń bá wí. Ta ló ní kó o kọ “Osogbo si Ilesa” lásán báyẹn sójú ẹ̀rọ LCD tó o fẹ́ lẹ̀ mọ́ ẹ̀gbẹ́ ilẹ̀kùn bọ́ọ̀sì? Ọmọ Òṣómàáló, ará Iléṣà, ni bàbá rẹ, Òṣogbo Òròkí ìlú aró ni wọ́n ti bí ìyá rẹ. Ìlú méjèèjì lo bọ́ àmì kúrò lára wọn!

O ní ẹ̀rọ náà ò mọ ṣ. Àwáwí nìyẹn. Hitachi ti ilẹ̀ Japan ló ṣe HD44780, irú èyí tó ń darí ojú ẹ̀rọ tó wà lọ́wọ́ rẹ yìí. Wọ́n fi lẹ́tà èdè tiwọn síbẹ̀ pẹ̀lú ABD Òyìnbó, wọ́n sì fi àyè mẹ́jọ sílẹ̀ fún ẹni tó bá fẹ́ ya tirẹ̀. Kí lo wá fi àyè náà ṣe? O ya àwòrán ọkàn àti ojú tó ń rẹ́rìn-ín!

Gbọ́ o. Lẹ́tà kọ̀ọ̀kan ní ẹyọ márùn-ún ní ìbú, mẹ́jọ ní òòró. Láti ìlà kẹta dé ìkeje ni s lásán máa ń wà. Gbé e sókè, kó bẹ̀rẹ̀ ní ìlà kejì, kó parí síkẹfà. Fi ìkeje sílẹ̀ lófo, kó o wá tan ẹyọ kan láàárín ìkẹjọ: B00100. Ṣ ti dé nìyẹn. Fi àṣẹ createChar gbé e wọlé, kó o pe setCursor kó o tó kọ ohunkóhun, torí láìṣe bẹ́ẹ̀, inú àyè àwọn lẹ́tà tó o yà lọ̀rọ̀ rẹ máa já sí.

Ìkánjú rẹ ló ń dùn mí. A kì í fi ìkánjú lá ọbẹ̀ gbígbóná. Àná, ìlà òkè ẹ̀rọ náà dúdú bí àpótí, ìsàlẹ̀ ṣófo, o ti fẹ́ sọ ọ́ nù. Iná ti wọ̀ ọ́, àṣẹ ìbẹ̀rẹ̀ ni ò tíì dé etí ẹ̀ látọ̀dọ̀ Arduino tó ń bá a sọ̀rọ̀. Yẹ wáyà RS, E àti D4 dé D7 wò, bóyá wọ́n bá nọ́ńbà inú kóòdù rẹ mu. Tójú ẹ̀ bá ṣófo pátápátá, yí potentiometer tó so mọ́ ẹsẹ̀ kẹta, V0, díẹ̀díẹ̀.

Tí iná bá sì lọ, gbogbo lẹ́tà tó o yà ti pa rẹ́. Inú setup kóòdù rẹ ni kó o kọ wọ́n sí, kí wọ́n lè máa padà wá nígbàkúgbà tí iná bá dé.

Ó yá, bá mi kà á. “Òṣogbo sí Iléṣà”, pẹ̀lú àlàfo, gba àyè 15. 16 ni ìlà kan ní. Àwọn tó o máa yà níbẹ̀ ni Ò, ṣ, í, é, à: márùn-ún. Kọ “Ẹ káàbọ̀” sí ìlà kejì: Ẹ, á, ọ̀. Lẹ́tà à ti wà ńlẹ̀. Mẹ́jọ pé! Lẹ́tà ọ̀ yẹn ló máa lágídí jù: àmì ohùn gba ìlà méjì, òfo kan, lẹ́tà o gba mẹ́ta, òfo kan, àmì ìdí kan. Ó wọlé gẹ́lẹ́.

Oúnjẹ rẹ wà nínú kúlà. Jẹun, kó o yọ ọkàn àti ojú yẹn kúrò, kó o bẹ̀rẹ̀ látorí Ò. Ọwọ́ rẹ mọ iṣẹ́ yìí, n ò sì ní gbà kó o ṣe é láàbọ̀.