Àpótí Ìmọ̀: Ìgbẹ́jọ́ Kíákíá Lórí Pínpín Ilé Ogún

Ìbéèrè fún ìgbẹ́jọ́ kíákíá ni ìwé tí a fi ń bẹ adájọ́ kó fa ọjọ́ ẹjọ́ súnmọ́. Abala 36(1) nínú Ìwé Òfin Orílẹ̀-èdè Nàìjíríà ti 1999 gbè é lẹ́yìn: ó ní ẹjọ́ kò gbọdọ̀ pẹ́ ju bó ti yẹ lọ. Ká ní ọmọ mẹ́rin ń jà lórí bí wọn ó ṣe pín ilé bàbá wọn n'Íbàdàn, tí olùpẹjọ́ láàrin wọn ti lé lẹ́ni 80 ọdún, tí ògiri ilé náà sì ń wó; ìwé ìbúra tó gbé ìwé dókítà àti fọ́tò ògiri jáde lágbára ju ẹ̀bẹ̀ lásán pé ẹjọ́ ti pẹ́, nítorí ọ̀pọ̀ ẹjọ́ ogún ló ń pẹ́. Àwọn kan ní ìbéèrè yìí yóò fi ẹ̀tọ́ olùjẹ́jọ́ dù ú. Rárá o: a gbọ́dọ̀ fún un ní ìwé ìbéèrè náà kó lè fèsì, ọjọ́ ẹjọ́ ló sì ń yí padà, kì í ṣe ẹ̀tọ́ rẹ̀.