Bí Ọkọ̀ Kò Bá Jí: Ẹ Wá Iná Búùjì Kí Ẹ Tó Náwó

Ìwé ìmọ̀ràn yìí sábà máa ń sọ̀rọ̀ nípa kòkòrò, ajílẹ̀ àti ọjọ́ tó yẹ ká fín òwú. Ti òní yàtọ̀. Ọ̀rọ̀ mọ́tò ni. Ẹ má rẹ́rìn-ín. Òwú tí ẹ ti fi oṣù púpọ̀ ṣe wàhálà lé lórí lè bàjẹ́ ní òru ọjọ́ kan bí ọkọ̀ tó yẹ kó gbé e bá kọ̀ tí kò kúrò lójú kan.

Ẹ̀yin náà ti rí i rí. Ẹ ti ká òwú, ẹ ti ṣa ewé gbígbẹ kúrò nínú rẹ̀, ẹ ti kó o jọ kí bàṣé ẹgbẹ́ wá gbé e lọ sí ọjà òwú. Awakọ̀ yí kọ́kọ́rọ́, ẹ́ńjìnnì ń ké gírí-gírí-gírí, kò jí. Ilẹ̀ ṣú. Ìrì sẹ̀ sórí òwú, tàbí òjò tí ẹnikẹ́ni kò retí rọ̀. Òwú tó bá rin máa ń gbóná nínú òkìtì, ó máa ń pọ́n, ó máa ń bu; ẹni tó yẹ kó gba owó òwú ìpele kìíní yóò sì gba ti ìpele kejì. Bákan náà ni ní àsìkò ìfín-oògùn: ọjọ́ 14 la máa ń fi sáàárín ìfín kan sí èkejì, kòkòrò kò sì ní dúró de mẹkáníìkì.

Daagbé ni wọ́n bí èmi tí mo túmọ̀ ìwé yìí sí, ní Ifangni, níbi tí ọ̀pẹ ti pọ̀ ju òwú lọ. Bàbá mi ní bàṣé Peugeot 404 kan tó fi ń kó epo pupa lọ sí Ìgòlò. Ní ọdún kan tí mo wà ní kọ́lẹ́ẹ̀jì, ọkọ̀ náà kò jí mọ́. Mẹkáníìkì kan ní bátìrì ni. A ra bátìrì. Ó ní kábúrétọ̀ ni. Ó tú u, ó fọ̀ ọ́. Ó tún ní fáńpù epo ni. Bàbá mi ta ewúrẹ́ méjì. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kọjá kí àgbàlagbà kan tó ń tún alùpùpù ṣe lẹ́bàá ọ̀nà tó yà wá kí wa. Ó yọ búùjì kan, ó fi kan irin ẹ́ńjìnnì, ó ní kí n yí kọ́kọ́rọ́. Kò sí iná. Kò tó wákàtí kan tó fi rí i pé kọ́ńdẹ́ńsà ló kú, ohun kékeré tí kò tóbi ju àtàǹpàkò lọ. Ohun tí bàbá yẹn ṣe, ẹ̀yin náà lè ṣe é.

Kí n tètè sọ èyí: ọkọ̀ tó ń mu ẹsáńsì nìkan ni mò ń bá wí. Ọkọ̀ gáásóìlì kò ní búùjì tó ń ta iná, nítorí náà kò sí ohun tí ẹ máa wá níbẹ̀. Àwọn bàṣé 404 àti 504 àtijọ́ tó ṣì ń ṣiṣẹ́ lágbègbè wa ni mo fi ṣe àpẹẹrẹ, nítorí ojú lásán la fi ń rí ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nínú wọn.

Ẹ jẹ́ ká mọ ọ̀nà tí iná ń gbà. Fóòtì 12 péré ló wà nínú bátìrì. Ìyẹn kò lè fò kọjá àlàfo ẹnu búùjì. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún fóòtì ló nílò. Bóbíìnì, tí àwọn ará Nàìjíríà ń pè ní kọ́ìlì, ló ń sọ kékeré di ńlá. Wáyà méjì ni wọ́n wé sínú rẹ̀: ọ̀kan nípọn, wọn ò sì wé e púpọ̀, èkejì tín-ín-rín, wọ́n wé e lọ́nà ẹgbẹẹgbẹ̀rún. Iná bátìrì ń gba inú èyí tó nípọn kọjá lọ sí fíìsì pìlátíìnì, èyí tí wọ́n ń pè ní kọ́ńtásẹ́ẹ̀tì ní ìhà kejì ibodè. Bí fíìsì yìí bá pàdé, iná ń lọ. Bó bá ṣí lójijì, iná gé, wáyà tín-ín-rín á sì ju agbára ńlá jáde. Kọ́ńdẹ́ńsà ló ń gba ìyókù iná tó fẹ́ jó ẹnu fíìsì, kó lè gé pátápátá. Lẹ́yìn náà, délkò á pín agbára yẹn fún búùjì mẹ́rin, ọ̀kọ̀ọ̀kan nígbà tirẹ̀: 1, 3, 4, 2.

Orúkọ délkò yẹn ní ìtàn. Ilé iṣẹ́ Charles Kettering ní ìlú Dayton, ní Amẹ́ríkà, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1909, ni wọ́n ń gé orúkọ rẹ̀ kúrú sí Delco. Òun ló ṣe irú iná bátìrì yìí fún ọkọ̀ Cadillac, òun náà ló sì ṣe sítátà oníná tó bọ́ sójà ní 1912. Inú oko ni wọ́n bí i sí. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún yín pé ọ̀rọ̀ mọ́tò kọjá ọmọ àgbẹ̀.

Ó yá, ọkọ̀ kò jí. Ohun àkọ́kọ́ ni pé kí ẹ gbọ́ ohùn rẹ̀. Bí ẹ bá yí kọ́kọ́rọ́ tó kàn ń dún kẹ́, tàbí tí ẹ́ńjìnnì ń yí bí aláìsàn, bátìrì tàbí ẹnu rẹ̀ ni kí ẹ kọ́kọ́ wò. Ẹ tan iná iwájú ọkọ̀, kí ẹnì kan yí kọ́kọ́rọ́: bí iná bá ṣókùnkùn pátápátá, agbára kò tó. Ẹ̀yin tí ẹ ti lo ẹ̀rọ ìfínkògùn onípíìlì mọ̀ pé ìpẹtà funfun tàbí aláwọ̀ ewé lójú ibi tí píìlì ti fara kan irin tó láti dá ẹ̀rọ dúró. Bákan náà ni orí bátìrì. Ẹ tú u, ẹ fi sáńpépà ha á títí yóò fi dán, ẹ so ó le. Ẹ má gbàgbé wáyà tó lọ sí ara irin ọkọ̀. Bátìrì tó kún tó sì sinmi máa ń tó fóòtì 12.6.

Bí ẹ́ńjìnnì bá ń yí dáadáa tí kò jí, ìbéèrè méjì ló kù: ṣé epo ò dé ni, àbí iná? Ẹ yọ búùjì kan. Bí ẹnu rẹ̀ bá tutù, tó ń rùn ẹsáńsì, epo ti dé ibẹ̀, iná ni kò wá jó o. Bó bá gbẹ lẹ́yìn tí ẹ ti yí kọ́kọ́rọ́ títí, ẹ wo ọ̀nà epo kẹ́ ẹ tó wo iná. Èyí wọ́pọ̀ ní tiwa, nítorí kpayò inú ìgò etí ọ̀nà lè ní omi tàbí ìdọ̀tí. Ẹ dà á sínú ìgò funfun, ẹ jẹ́ kó dúró díẹ̀. Omi á lọ sí ìsàlẹ̀, ẹ ó sì rí ìlà àárín wọn.

Ìdánwò iná búùjì ló ṣe pàtàkì jù, òun náà ló sì léwu jù, nítorí náà ẹ fara balẹ̀ ka ibí yìí. Ẹ gbé gbogbo ìgò epo àti gbogbo agolo oògùn kòkòrò kúrò nínú ọkọ̀ (kò tiẹ̀ yẹ kí oògùn àti èèyàn wà nínú ọkọ̀ kan náà rí). Ẹ má mu sìgá. Ẹ tẹ búùjì tí ẹ yọ padà sínú wáyà rẹ̀, ẹ fi ara irin rẹ̀ kan irin ẹ́ńjìnnì, níbi tó jìnnà sí ihò tí ẹ ti yọ ọ́. Bí ẹ́ńjìnnì bá ń yí, ihò yẹn máa ń tu èéfín ẹsáńsì jáde, iná búùjì sì lè ràn án. Ẹ má fọwọ́ di wáyà mú. Igi gbígbẹ tàbí irin dídì tí ọwọ́ rẹ̀ jẹ́ rọ́bà ni kí ẹ lò. Kí ẹnì kan yí kọ́kọ́rọ́, kí ẹnì kejì dúró ní òjìji, kó máa wo ẹnu búùjì.

Bí iná tó ń ta bá jẹ́ aláwọ̀ búlúù, tó ń dún pá-pá-pá, tó sì ń wá déédéé, iná wà. Ẹ yé bóbíìnì lẹ́jọ́. Bó bá pọ́n, tó tín-ín-rín, tó ń wá tó ń lọ, ó rẹ̀ ẹ́. Bí kò bá sí rárá, ẹ fi búùjì mìíràn tó dára dán an wò kí ẹ tó gbà pé kò sí. Ẹ tún wo ojú búùjì náà: èyí tó ní àwọ̀ búráwùn fẹ́ẹ́rẹ́ ń jó dáadáa, èyí tó dúdú bí ẹ̀dú ti dọ̀tí, ẹ fọ̀ ọ́, kí ẹ sì wọn àlàfo rẹ̀ sí nǹkan bí mílímítà 0.6.

Kò sí iná ní búùjì? Ẹ padà sẹ́yìn ní ìpele kọ̀ọ̀kan, bí ẹni tó ń tọ ipasẹ̀ ẹran. Ẹ yọ wáyà ńlá àárín kúrò lórí délkò, ẹ fi igi gbé ẹnu rẹ̀ sún mọ́ irin ẹ́ńjìnnì, kó ku bíi mílímítà 5, ẹ yí kọ́kọ́rọ́. Bí iná bá ń fò níbẹ̀, bóbíìnì àti fíìsì ń ṣiṣẹ́. Inú délkò ni ẹlẹ́ṣẹ̀ wà, tàbí àwọn wáyà búùjì. Ẹ ṣí ìdérí délkò. Ìlà dúdú tẹ́ẹ́rẹ́ tó là á láti ihò kan sí èkejì ni ọ̀nà tí iná ń gbà sá lọ. Ọwọ́ rótọ̀ lè ti jó, èédú kékeré àárín ìdérí sì lè ti jẹ tán. Ní àárọ̀ ìgbà òjò, tàbí lẹ́yìn ìrì ọyẹ́, ó lè jẹ́ pé omi lásán ló wà nínú rẹ̀: ẹ fi aṣọ gbígbẹ nù ún, kẹ́ ẹ sá a sóòrùn díẹ̀. Mo ti rí ọkọ̀ tí wọ́n fẹ́ fi okùn fà lọ sí Pọ̀tọ̀nóvò tó jẹ́ pé aṣọ gbígbẹ nìkan ló nílò. Kẹ́ ẹ tó yọ wáyà búùjì mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, ẹ fi béńdéèjì kọ nọ́ńbà sí wọn lára. Bí ipò wọn bá yí padà, ẹ ti dá àìsàn tuntun sílẹ̀.

Bí iná kò bá sí ní wáyà àárín pàápàá, ẹ wá gílóòbù kékeré fóòtì 12, ẹ so wáyà méjì mọ́ ọn. Ẹ fi ọ̀kan kan ara irin, èkejì kan ibi tí iná ń gbà wọ bóbíìnì, ẹ ṣí kọ́kọ́rọ́. Kó tàn. Bí kò bá tàn, iná kò tilẹ̀ dé bóbíìnì. Ẹ wo wáyà, fíúùsì àti ilé kọ́kọ́rọ́. Bó bá tàn, ẹ gbé e sí ẹnu kejì bóbíìnì, níbi tí wáyà ti lọ sí délkò, kí ẹnì kan máa yí ẹ́ńjìnnì. Gílóòbù gbọ́dọ̀ máa tàn kó máa kú, kó máa tàn kó máa kú. Bó bá tàn láìkú, fíìsì kò pàdé, tàbí ó dọ̀tí, tàbí wáyà àárín wọn ti gé. Bí kò bá tàn rárá, fíìsì kò ṣí, tàbí kọ́ńdẹ́ńsà ti gbẹ́sẹ̀ lé ara irin, tàbí wáyà inú bóbíìnì ti já.

Fíìsì ni mo máa ń kọ́kọ́ fura sí. Ẹ ha ẹnu rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ẹ fi aṣọ mímọ́ nù ún, kí òróró kankan má kàn án. Nígbà tó bá ṣí tán, àlàfo rẹ̀ nínú 404 àti 504 jẹ́ nǹkan bí mílímítà 0.4. Ẹni tí kò ní irin pẹlẹbẹ tí wọ́n fi ń wọn àlàfo lè fi bébà fọ́tókópì 4 tí a tò lé ara wọn ṣe àfarawé títí yóò fi dé ilé. Kí mẹkáníìkì wá tún un wọ̀n lẹ́yìn náà, nítorí bí àlàfo bá yí, àsìkò tí iná ń ta náà yí díẹ̀. Bí fíìsì tuntun bá jó láàárín ọjọ́ mélòó kan, ẹ má tún ra òmíràn. Kọ́ńdẹ́ńsà ni kí ẹ pààrọ̀. Ibẹ̀ ni owó bàbá mi ti bá omi lọ.

Bóbíìnì ní ìwà tirẹ̀. Ọkọ̀ á jí ní òwúrọ̀ láìjanpata, á rìn bíi kìlómítà mélòó kan, á kú nígbà tí ara rẹ̀ bá gbóná. Tí ẹ bá sinmi lábẹ́ igi fún ìṣẹ́jú díẹ̀, á tún jí. Bí ẹ bá rí irú èyí, tí epo sì ń dé, ẹ dán iná wò nígbà tó ṣì gbóná gan-an.

Àwọn ọkọ̀ tuntun kò ní fíìsì mọ́. Ẹ̀rọ ẹlẹ́kítíróníìkì ló ń gé iná wọn. Ẹ má fi wáyà wọn fò sí irin láìsí búùjì lẹ́nu rẹ̀, nítorí ẹ lè ba ẹ̀rọ yẹn jẹ́, ó sì wọ́n. Ti alùpùpù rọrùn: búùjì kan ṣoṣo, ìdánwò kan náà.

Ẹ fi búùjì kan tó dára, sípánà búùjì, sáńpépà kékeré, aṣọ gbígbẹ, gílóòbù oníwáyà, fíìsì àti kọ́ńdẹ́ńsà kan sínú àpò lábẹ́ àga ọkọ̀ ẹgbẹ́. Bí ẹ bá sì dé ọ̀dọ̀ mẹkáníìkì, ẹ má sọ pé “mọ́tò ò jí”. Ẹ sọ ohun tí ẹ rí: “Ẹ́ńjìnnì ń yí, epo dé búùjì, iná wà ní wáyà àárín, kò dé ẹnu búùjì.” Ìdérí délkò tàbí rótọ̀ ló máa kọ́kọ́ gbé wá fún yín, kò ní jẹ́ bátìrì.